Aáyù Tó Ti Wà Nílẹ̀

Agogo mọ́kànlá òwúrọ̀ ọjọ́ Sátidé kò tíì lù tán tí èéfín fi kún ilé ìdáná Bàbá Alágbàfọ̀ débi pé èèyàn ò lè rí ọwọ́ ara rẹ̀ mọ́. Bàbá dúró sójú fèrèsé, ó ń fi aṣọ ìnuwọ́ lé èéfín jáde bí ẹni ń lé ewúrẹ́, ó ń wúkọ́, ó sì ń bú fúráípáànù tí kò ṣẹ ẹnikẹ́ni. Nínú fúráípáànù náà, aáyù tó ti ń fi sùúrù gé wẹ́wẹ́ láti òwúrọ̀ ti dúdú bí ìdí ìkòkò.

"Alágbàfọ̀ o!" Ohùn kan ké láti ìhà kejì ògiri. "Ṣé kí n pe panápaná, àbí oúnjẹ náà nìyẹn?"

Onígbàjámọ̀ ló ń pariwo. Ògiri kan ṣoṣo ló wà láàárín ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ àti ilé Bàbá Alágbàfọ̀, fèrèsé àwọn méjèèjì sì kọjú sí àgbàlá kan náà. Ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún tí ọ̀kan nínú wọn kò lè sín kí èkejì má dá sí i.

"Orí tó wà níwájú rẹ ni kó o gbájú mọ́," Bàbá dá a lóhùn, "kó o má baà gé etí ọmọ ọlọ́mọ."

"Orí wo? Èéfín rẹ ti lé gbogbo wọn lọ!"

Lọ́jọ́ mìíràn, Bàbá ì bá rẹ́rìn-ín. Lónìí, aago ara ògiri ló wò. Agogo mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ni ọmọ rẹ̀ ń bọ̀. Bí agogo mẹ́rin bá lù tí kò sí búrẹ́dì aáyù gidi lórí tábìlì, ilé yìí ti bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́ nìyẹn.

Bí ọ̀rọ̀ ṣe jẹ́ nìyí. Ọmọ kan ṣoṣo ni Bàbá bí, obìnrin ni, nọ́ọ̀sì sì ni, irú nọ́ọ̀sì tí aláìsàn máa ń gbé oògùn mì kó tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ pé kí wọ́n gbé e mì. Láti ìgbà tí ìyá rẹ̀ ti kú lọ́dún méjì sẹ́yìn, oṣooṣù ló ń wọkọ̀ wákàtí mẹ́ta láti wá wo bàbá rẹ̀. Nígbà tó wá lóṣù tó kọjá, ó ṣí kọ́bọ́ọ̀dù ilé ìdáná, bísíkíìtì ló bá níbẹ̀. Ó ṣí èkejì, bísíkíìtì náà ni. Ó ṣí ìkòkò tó wà lórí ààrò gáàsì, ó bá ìrẹsì tó ti jóná mọ́ ìdí ìkòkò láti ọjọ́ mẹ́ta. Bàbá ti da omi sí i, ó ń retí kí ó bó fúnra rẹ̀.

"Bàbá, kí lẹ jẹ láàárọ̀ àná?"

"Tíì àti bísíkíìtì."

"Lọ́sàn-án ńkọ́?"

"Bísíkíìtì àti tíì."

Ọmọ náà kò rẹ́rìn-ín. Ó jókòó, ó gbé ọwọ́ méjèèjì lé tábìlì. "Ẹ ó bá mi lọ ni. Yàrá kan wà nílé mi tí kò sẹ́ni nínú ẹ̀. Màmá ló ń bọ́ yín, Màmá ò sì sí mọ́. Mi ò lè máa ṣiṣẹ́ kí n máa rò ó pé bísíkíìtì lẹ̀ ń jẹ."

"Kí o wá kó mi bí ẹrù?" Bàbá fèsì. "Èmi? Nínú ilé yìí ni mo ti di bàbá rẹ. Mo lè di ojú mi kí n rìn ín láti iwájú dé ẹ̀yìn, kí n má kọ ẹsẹ̀."

"Dídijú ò lè lé ebi lọ, Bàbá."

Wọ́n fa ọ̀rọ̀ náà títí ó fi fẹ́ já. Níkẹyìn, ọmọ ní, "Ó dáa. Ẹ se oúnjẹ kan ṣoṣo fún mi. Ọ̀kan péré. Tí mo bá jẹ ẹ́ tán, mi ò ní dá ọ̀rọ̀ yìí sílẹ̀ mọ́ láé. Tí mi ò bá lè jẹ ẹ́ tán, ẹ di ẹrù."

Ọlọ́gbọ́n ì bá ní òun máa din ẹyin. Ṣùgbọ́n ẹnu Bàbá kì í dúró de orí rẹ̀. Kó tó mọ̀, ó ti sọ pé, "Búrẹ́dì aáyù màmá rẹ ni mo máa ṣe."

Láti ọjọ́ tí ìyá ti lọ, kò sẹ́ni tó tíì dárúkọ búrẹ́dì yẹn nínú àwọn méjèèjì.

Ẹ má fojú kéré búrẹ́dì ọ̀hún o! Tẹ́ẹ́rẹ́ ni, bí ọ̀pá, ó gùn tó ìbú àtẹ́lẹwọ́ méjì. Ẹ̀yìn rẹ̀ á pọ́n, á máa ró kẹ́kẹ́ léyín, inú rẹ̀ á rọ̀ bí òwú, bọ́tà aáyù á sì máa ṣàn dé ọrùn ọwọ́ ẹni tó bá ń jẹ ẹ́. Òórùn rẹ̀ nìkan tó ohun tí ń mú kí ẹni tó ń bínú ní yàrá jáde wá béèrè pé kí ló ń ṣẹlẹ̀.

Ibùdókọ̀ ojú irin ni ìyàwó Bàbá ti ń ta tíkẹ́ẹ̀tì. Lọ́jọ́ Sátidé, agogo méjì ọ̀sán ló ń dé. Á bọ́ bàtà sẹ́nu ọ̀nà, á fọwọ́, kí agogo mẹ́ta tó lù, búrẹ́dì ti wà lórí tábìlì. Kò ní sùúrù fún ìwúkàrà tí èèyàn ń jókòó tì bí ẹni ń dúró de ọkọ̀ tó pẹ́. Békìn páúdà ló ń lò. "Ọgbọ̀n ìṣẹ́jú!" Bó ṣe máa ń fọ́nnu nìyẹn. "Ọgbọ̀n ìṣẹ́jú péré! Ẹ sọ ọkọ̀ ojú irin tó yá tó bẹ́ẹ̀ fún mi."

Iṣẹ́ ọkọ ló so wọ́n pọ̀. Bàbá ṣẹ̀ṣẹ̀ gbòmìnira lẹ́nu iṣẹ́ alágbàfọ̀ nígbà náà, ojú rẹ̀ ò tíì kúrò lára ọmọge, ni ọmọge kan tó wọ bàtà dúdú bá gbé aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ wá fún un. Bàbá gbé áyọ́ọ̀nù lé ọrùn aṣọ náà, ó gbójú sókè láti wo ẹni tó ni ín bó ṣe ń sọdá títì. Nígbà tó máa wolẹ̀ padà, áyọ́ọ̀nù ti ya àwòrán ara rẹ̀ sórí ọrùn aṣọ.

Ọjọ́ mẹ́ta ló fi pa irọ́. Ó ní aṣọ ò tíì gbẹ.

"Ọjọ́ mẹ́ta ni oòrùn ti ń ran gbogbo ìlú," ọmọge náà sọ. "Aṣọ tèmi nìkan ni kò rí?"

Bàbá gbé e jáde. Ọmọge wo ọrùn aṣọ, ó wo Bàbá, ó wá bú sẹ́rìn-ín. "Ó kéré tán," ló ní, "kò sẹ́ni tó máa jí i. Ẹ ti fi èdìdì yín lù ú." Odindi ọdún kan ló fi ń so gèlè kékeré mọ́ ọrùn lọ síbi iṣẹ́, tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ rò pé fáàrí ni. Kí ọdún náà tó parí, ó ti di ìyàwó alágbàfọ̀. Ẹ̀bùn tó kọ́kọ́ gbé wọlé ni irin pẹlẹbẹ kan, ó nípọn bíi bíbélì, èyí tí wọ́n yọ lára ojú irin àtijọ́. "Ẹ máa gbé áyọ́ọ̀nù lé e," ló sọ. "Tábìlì yín ti jóná tó." Láti ọjọ́ yẹn ni irin náà kò ti kúrò ní igun ọ̀tún tábìlì aṣọ lílọ̀.

Lọ́jọ́ tí wọ́n sin ín ni Bàbá yọ wáyà áyọ́ọ̀nù kúrò lára iná. Ó fi aṣọ funfun bo tábìlì, ó ti ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù. Ó ní orúnkún òun ló fa á. Kò sẹ́ni tó bá a jiyàn.

Ìlànà búrẹ́dì wà lára ògiri ilé ìdáná. Ìyàwó rẹ̀ kọ ọ́ sẹ́yìn páálí kékeré kan, irú èyí tí Bàbá máa ń so mọ́ aṣọ oníbàárà. Ìyẹ̀fun kóòpù méjì. Békìn páúdà ṣíbí kékeré méjì. Iyọ̀, ṣúgà fún pọ́ọ́kú. Wàrà tí kò tó kóòpù kan. Má pò ó bí ẹni ń jà. Tẹ́ ẹ, gé e, ti i sínú iná. Tó bá jáde, fi aáyù tó ti wà nílẹ̀ pa á lára.

Aáyù tó ti wà nílẹ̀! Láti àná ni gbólóhùn yìí ti ń fa Bàbá nírun. Aáyù wo? Nílẹ̀ níbo? Aáyù tútù ló wà nílẹ̀ ní tirẹ̀, nínú apẹ̀rẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ àlùbọ́sà. Ó ti din ín, ó ti jóná. Ó wá bọ́ èèpo òmíràn, ó gún un, ó rò ó pọ̀ mọ́ bọ́tà tútù, ó fi ìka tọ́ ọ wò. Yéè! Ó gún un láhọ́n bí abẹ́rẹ́, omi bọ́ lójú rẹ̀, imú rẹ̀ ṣí. Tí ọmọ rẹ̀ bá jẹ èyí, ilé ìwòsàn ló máa gbé e lọ, kì í ṣe ilé rẹ̀.

Ó fẹ́ mọ ohun tí ìyàwó rẹ̀ ń fi pa bọ́tà sára búrẹ́dì, torí ó rántí pé kì í ṣe ṣíbí. Ó ṣí dúrọ́ọ̀ ìsàlẹ̀ pátápátá, ó ń tú u. Ó rí àjẹkù àbẹ́là, okùn, ìdérí ìgò tí kò nígò. Lábẹ́ gbogbo rẹ̀, ọwọ́ rẹ̀ kan búrọ́ọ̀ṣì kékeré kan tó ní ọwọ́ igi.

Ó gbé e sójú ìmọ́lẹ̀. Ọ̀bẹ ti gé àmì mẹ́ta sára igi náà. Ọ̀bẹ tirẹ̀ ni. Búrọ́ọ̀ṣì tó fi ń fọ ọrùn ẹ̀wù oníbàárà ni, èyí tó sọnù láti ọdún méjìlélógún sẹ́yìn. Irun rẹ̀ ti pọ́n bí iyùn, ó ń dán fún bọ́tà, òórùn aáyù sì ṣì wà lára rẹ̀ fẹ́ẹ́rẹ́.

Bàbá yọ orí síta fèrèsé. "Onígbàjámọ̀!"

"Kí ló tún jóná?"

"Mo ti rí búrọ́ọ̀ṣì mi."

Ìró sísọ́ọ̀sì dúró. "Búrọ́ọ̀ṣì wo?"

"Ti ọrùn ẹ̀wù. Èyí tó sọnù."

"Èyí tó o ní èmi ni mo jí i láti máa fi gbọn irun lọ́rùn àwọn èèyàn?"

"Òun náà ni. Dúrọ́ọ̀ ilé ìdáná ló wà. Ìyàwó mi ló mú un."

Orí Onígbàjámọ̀ náà yọ síta fèrèsé tirẹ̀, sísọ́ọ̀sì wà lọ́wọ́ rẹ̀. "Ọdún méjìlélógún! Ọdún méjìlélógún lo fi pè mí lólè lójú oníbàárà! Lọ́jọ́ ìgbéyàwó ọmọ mi, o dìde láàárín èrò, o ní kí kálukú mú búrọ́ọ̀ṣì rẹ̀ dání dáadáa!"

"Má bínú."

"Kò tó. Wá dọ̀bálẹ̀."

"Tí mo bá dọ̀bálẹ̀, ta ló máa gbé mi dìde?"

Onígbàjámọ̀ fẹ́ bínú síwájú sí i, ṣùgbọ́n ẹ̀rín ti gbà á lẹ́nu. "Obìnrin yẹn! Ó máa ń kí mi láràárọ̀, ó sì mọ̀ pé èmi kọ́ ni mo jí i! Ẹ̀yin méjèèjì, mi ò mọ ibi tí ilé ìdáná yín parí sí. Àbí mi ò rántí aṣọ Sátidé? Aṣọ tó o bá lọ̀ láàárín ọ̀sẹ̀, ọṣẹ ló ń ta sánsán. Aṣọ tó o bá lọ̀ ní Sátidé, aáyù! Mo wọ ẹ̀wù funfun lọ kí àwọn àna mi, ìyá ìyàwó mi gbé imú sókè, ó ní, 'Ta ló ń se ọbẹ̀?' Mo ní, 'Ẹ má bínú, Mà, èmi ni.'"

Bàbá yíjú padà, ó wo ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù.

Ilé ìdáná wà lẹ́yìn pátápátá, ṣọ́ọ̀bù wà níwájú, ọ̀dẹ̀dẹ̀ gígùn àti ilẹ̀kùn méjì ló là wọ́n. Kò sí bí òórùn ààrò ṣe lè rìn dé ara aṣọ. Àfi tí aáyù náà bá wà nínú ṣọ́ọ̀bù.

Ó fi Onígbàjámọ̀ sílẹ̀ lójú fèrèsé. Ó gba ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó ṣí ilẹ̀kùn tí kò ṣí láti ọdún méjì, ó ká aṣọ funfun kúrò lórí tábìlì. Eruku fò. Irin pẹlẹbẹ náà wà ní igun ọ̀tún, níbi tó ti wà láti ìbẹ̀rẹ̀. Ní etí rẹ̀, níbi tí áyọ́ọ̀nù kì í dé, òrùka kan wà, ó pọ́n ràkọ̀ràkọ̀, ó rí roboto bí ìdí kóòpù.

Kóòpù! Kóòpù tánganran funfun tó ní etí aláwọ̀ búlúù, tí àwo kékeré máa ń dé e lórí! Gbogbo òwúrọ̀ Sátidé, kí ìyàwó rẹ̀ tó lọ síbi iṣẹ́, á gbé e sí etí irin yẹn, á ní, "Ẹ má fọwọ́ kàn án o." Bàbá kò sì fọwọ́ kàn án. Ìpara orúnkún ló rò pé ó jẹ́! Ta ló máa dá a lẹ́bi? Ìyàwó rẹ̀ ń dúró lórí ẹsẹ̀ látàárọ̀ dalẹ́, ìpara náà ní aáyù nínú, ó lọ́ wọ́ọ́rọ́, kí ni ìbá tún jẹ́? Ó tiẹ̀ rántí ọjọ́ kan tí orúnkún ń dùn ún, tó yọ́ ṣí kóòpù náà, tó bù ú fi pa orúnkún méjèèjì. Nígbà tí ìyàwó rẹ̀ dé tó gbọ́, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀, omi ń dà lójú rẹ̀. "Ṣé ó ṣiṣẹ́?" ló béèrè. Bàbá ní ó ṣiṣẹ́ dáadáa. Ìyàwó tún bẹ̀rẹ̀ ẹ̀rín. Kò sọ ìdí rẹ̀ fún un títí tó fi kú.

Ọgbọ̀n ìṣẹ́jú, ló máa ń wí! Ọgbọ̀n ìṣẹ́jú wo? Láti aago mẹ́jọ òwúrọ̀ ni aáyù yẹn ti ń rọ̀ díẹ̀díẹ̀ nínú bọ́tà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọwọ́ rẹ̀, bó ṣe ń gbé áyọ́ọ̀nù sókè, tó ń gbé e kalẹ̀. Bàbá fọwọ́ ti tábìlì. Gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, ó rò pé ẹni tí wọ́n ń bọ́ lásán lòun. Àṣé ìdajì oúnjẹ náà, láti abẹ́ ọwọ́ òun ló ti ń jáde.

Agogo méjìlá ti lù. Ó wá kóòpù tánganran náà rí lẹ́yìn àwọn abọ́, ó já bọ́tà sí i, ó fi ẹ̀gbẹ́ ọ̀bẹ tẹ aáyù mẹ́jọ fọ́, ó kó wọn sínú rẹ̀, ó dé e. Ó ti wáyà áyọ́ọ̀nù bọ iná. Fún ìgbà díẹ̀, kò sí nǹkan kan. Lẹ́yìn náà ni irin àtijọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í dún tí, tí, tí, bí ẹni ń na egungun ara lẹ́yìn oorun.

Ẹni tó bá mọ iṣẹ́ yìí mọ̀ pé áyọ́ọ̀nù tí wọ́n bá fi sílẹ̀ lórí irin láì gbé e kúrò á gbóná kọjá ààlà, aáyù á sì tún jóná. Gbígbé sókè, gbígbé kalẹ̀, òun ló ń mú kí irin lọ́ wọ́ọ́rọ́ láì gbóná jù. Èyí túmọ̀ sí pé Bàbá gbọ́dọ̀ lọ aṣọ. Ó mú ẹ̀wù rẹ̀ méjì, ó lọ̀ wọ́n láàárín ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ó lọ aṣọ orí fèrèsé. Ó lọ aṣọ ìnuwọ́ tó fi lé èéfín. Ó ṣí kóòpù wò, bọ́tà ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọ́.

Aṣọ wo ló kù nílé yìí?

Ó mọ èyí tó kù. Àpótí ìyàwó rẹ̀ wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, kò sì tíì ṣí i rí. Ó fà á jáde, ó kúnlẹ̀ tì í fún ìgbà díẹ̀, ó wá ṣí i. Kaba mẹ́fà ló wà níbẹ̀, gbogbo wọn ti wúnjọ. Aṣọ iṣẹ́ ojú irin tó ní èdìdì áyọ́ọ̀nù lọ́rùn ló wà nísàlẹ̀ wọn.

"Ìyàwó alágbàfọ̀ ni mí," ìyá máa ń sọ fún àlejò, "ẹ wò bí aṣọ mi ṣe rí." Òótọ́ ni. Ti oníbàárà ló ń ṣáájú, tilé á kẹ́yìn, àárẹ̀ á sì ti dé kó tó kan tilé. Ìyá ló ń lọ aṣọ ara rẹ̀, ní kíákíá, kó tó sáré jáde.

Bàbá tẹ́ kaba àkọ́kọ́ sórí tábìlì. Ó wọ́n omi sí i pẹ̀lú ìka, bó ṣe máa ń ṣe fún aṣọ adájọ́. Kò kánjú rárá. Ó lọ apá, ó lọ ọrùn, ó lọ ìgbátí títí ó fi dúró gbọnrangandan. Ó gbé e kọ́ sórí okùn, ó mú èkejì. Nígbà tó dé orí ẹ̀kẹta, òórùn náà dé. Kò dé lójijì. Ó rọra wọlé bí ẹni tó mọ ilé, ó dùn, kò ta, kò korò, ó yí tábìlì ká, ó bọ́ sáàárín àwọn kaba. Bàbá gbé áyọ́ọ̀nù kalẹ̀, ó di ojú. Fún ìwọ̀n ìgbà tí èèyàn fi ń mí lẹ́ẹ̀mejì, ó dá a lójú pé tí òun bá lajú, bàtà dúdú méjì á wà lẹ́nu ọ̀nà.

Nígbà tó lajú, agogo mẹ́ta ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni.

Ó lọ kaba mẹ́ta tó kù àti aṣọ iṣẹ́ náà, ó da bọ́tà aáyù sínú abọ́, ó fi kóòpù sílẹ̀ lórí irin, ó sáré padà sí ilé ìdáná. Ó tan ààrò, ó fi wáyà há ilẹ̀kùn rẹ̀ tí kì í pa dé dáadáa. Ìyẹ̀fun, békìn páúdà, iyọ̀, ṣúgà, wàrà. Ọwọ́ rẹ̀ fẹ́ wọ́n omi sí i bí ẹni ń wọ́n ọn sí aṣọ, ó yára fa ọwọ́ náà padà, ó bú u. Kò pò ó bí ẹni ń jà. Ó fi ìgò yí i pẹlẹbẹ, ó gé e ní ọ̀pá mẹ́sàn-án, gígùn wọn dọ́gba bí ìlà ṣòkòtò, ó tì wọ́n sínú iná.

Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ń pọ́n lẹ́yìn nígbà tí ilẹ̀kùn iwájú dún.

Ọmọ rẹ̀ wọlé pẹ̀lú àpótí ńlá kan tó ń fò nílẹ̀ nítorí kò sí nǹkan nínú rẹ̀. Ó gbé ẹsẹ̀ kan wọ ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó dúró. Ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù wà ní ṣíṣí. Kaba ìyá rẹ̀ mẹ́fà wà lórí okùn, aṣọ iṣẹ́ wà ní ìparí, kò sí ìwúnjọ kan lára wọn, òórùn aáyù sì gba gbogbo ilé kan.

"Bàbá?"

"Jókòó. Má bá mi sọ̀rọ̀, ó ń jáde!"

Ó yọ ọ́. Ó fa abọ́ bọ́tà aáyù mọ́ra, ó fi búrọ́ọ̀ṣì ọrùn ẹ̀wù pa á sára ọ̀pá kọ̀ọ̀kan, bọ́tà náà ń pariwo wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́ bó ṣe ń kan búrẹ́dì gbígbóná. Ó gbé àwo síwájú ọmọ rẹ̀, ó jókòó sí òdìkejì. Kò mọ ibi tó máa gbé ọwọ́ sí.

Ọmọ náà mú àkọ́kọ́. Ó bù ú jẹ. Ó mú èkejì. Bọ́tà ṣàn dé ọrùn ọwọ́ rẹ̀, ó fi ahọ́n lá a, nọ́ọ̀sì odindi! Ẹ̀kẹta, ẹ̀kẹrin. Bàbá ń tẹ̀lé ọwọ́ rẹ̀ bí ológbò. Ẹ̀karùn-ún. Nígbà tó mú ẹ̀kẹfà, ó tú bọ́tìnnì ìdí síkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ kan. Ìkeje. Ìkẹjọ ni ó jẹ díẹ̀díẹ̀.

Lẹ́yìn náà ló nu ọwọ́, ó ti àwo síwájú. Ọ̀kan ṣì wà nínú rẹ̀.

Bàbá wo ọ̀kan náà. Ó wo ògiri, ó wo ààrò onílẹ̀kùn wáyà, ó wo páálí ìlànà. Ohùn rẹ̀ kò ga. "O ò jẹ ẹ́ tán."

"Mo jẹ ẹ́ tán, Bàbá."

"Ọ̀kan kù."

"Ẹ ò mọ̀ ọ́n?" Ọmọ náà tẹjú mọ́ ọn, ẹnu yà á lóòótọ́. "Ti Màmá nìyẹn. Wọ́n á ti fún èmi àti ẹ̀yin, ẹ̀yin á ti padà sídìí áyọ́ọ̀nù. Wọ́n á wá jókòó síbi tẹ́ ẹ jókòó sí yìí, wọ́n á bọ́ ìbọ̀sẹ̀, wọ́n á jẹ ọ̀kan tó kù. Mi ò lè jẹ ẹ́, láti kékeré mi. Tí mo bá fọwọ́ kàn án, wọ́n á gbá mi lọ́wọ́."

Bàbá kò mọ̀ ọ́n. Gbogbo Sátidé wọ̀nyẹn, ẹ̀yìn rẹ̀ ló kọ sí ilé ìdáná, aṣọ oníbàárà ló ń lọ̀. Ó fọwọ́ kan ọ̀pá búrẹ́dì náà, ó ṣì gbóná. Ó kán an sí méjì. Kò kán dọ́gba. Ó na èyí tó tóbi sí ọmọ rẹ̀.

"Wọ́n máa gbá wa lọ́wọ́ o," ọmọ sọ.

"Kí wọ́n gbá wa."

Wọ́n jẹ ẹ́. Lẹ́yìn náà ni Bàbá sọ ọ̀rọ̀ ìpara orúnkún fún un, ọmọ rẹ̀ sì rẹ́rìn-ín bí ìyá rẹ̀ gan-an, títí omi fi ń dà lójú rẹ̀, títí kò fi mọ irú omi tó jẹ́ mọ́.

Nígbà tó nu ojú tán, ó wo àpótí òfìfo tó wà lẹ́nu ọ̀nà. "Mi ò lè gbé e padà lásán," ló sọ. "Ẹ fún mi ní ọ̀kan nínú àwọn kaba yẹn."

Bàbá mú èyí tó ní òdòdó kéékèèké. Ó ká a bí wọ́n ṣe ń ká aṣọ oníbàárà tó ṣe pàtàkì, ó fi bébà wé e, ó so okùn mọ́ ọn, ó gún páálí sí i lára. Ọmọ rẹ̀ gbà á, ó gbé e sí imú.

"Aáyù ló ń ta sánsán."

"Sátidé ni," Bàbá dá a lóhùn.

Bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ lọ́wọ́ ni wọ́n kan ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù. Onígbàjámọ̀ ni, ẹ̀wù funfun kan tó ti wúnjọ wà ní apá rẹ̀.

"Mo rí i pé o ti ṣílẹ̀kùn," ló sọ. "Ìyá ìyàwó mi ń bọ̀ lọ́jọ́ Àìkú. Lọ èyí fún mi." Ó gbé imú sókè, ó fa òórùn aáyù símú, ó wo kóòpù orí irin. "Má sì gbé kóòpù yẹn kúrò níbẹ̀ o."